A Ti Ṣe Ẹrú Rí

Ní Ẹdẹ, èèyàn kì í gbọ́ ìtàn Mùsá lẹ́nu ẹ̀sìn kan ṣoṣo. Lọ́dọ̀ bàbá mi, Ànábì Mùsá ni, ẹni tí Ọlọ́hun rán sí Firiáónà, tó fi ọ̀pá lu òkun tí òkun sì là. Lọ́dọ̀ ìyá mi tó jẹ́ ọmọ Ìjọ Onítẹ̀bọmi, Mósè ni, ọmọ tí wọ́n gbé sínú apẹ̀rẹ̀ létí odò Náílì. Àárọ̀ ọjọ́ Àìkú ni mo ń gbọ́ ti ìyá mi, ìrọ̀lẹ́ ni mo ń gbọ́ ti bàbá mi ní ilé kéwú, kò sì sí ẹni tó kà á sí nǹkan bàbàrà. Bí ìlú wa ṣe rí nìyẹn. Tìmì Àbíbù Lágúnjú tó jọba níbẹ̀ ní ọgọ́rùn-ún ọdún kọkàndínlógún ni ọ̀pọ̀ ń pè ní ọba Mùsùlùmí àkọ́kọ́ nílẹ̀ Yorùbá. Tìmì Adétóyèsé Láoyè tó jọba láti 1946 sí 1975, Onígbàgbọ́ ni, síbẹ̀ ìlù ló gbé orúkọ rẹ̀ dé òkè òkun. Ṣàngó náà sì ń jẹ ọdún tirẹ̀ nínú ìlú. Odidi ìwé ni àwọn onímọ̀ kọ lórí bí ẹ̀sìn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ṣe ń bá ara wọn gbé ní Ẹdẹ. Ó jáde ní 2017.

Ìrékọjá, ọdún tí àwọn Júù fi ń rántí ìjáde kúrò ní Íjíbítì, kò sí lára ọdún tiwa. Onígbàgbọ́ ń ka bó ṣe bẹ̀rẹ̀ nínú Ẹ́kísódù: ọ̀dọ́ àgùntàn, ẹ̀jẹ̀ lára òpó ilẹ̀kùn, àkàrà aláìwú, ewébẹ̀ kíkorò, ìrìn òru. Mùsùlùmí ń gba ààwẹ̀ Àṣúrà ní ọjọ́ kẹwàá oṣù Mùhárámù, nítorí pé nígbà tí Ànábì Muhammad dé Mẹ̀dínà, ó bá àwọn Júù lẹ́nu ààwẹ̀. Wọ́n ní ọjọ́ tí Ọlọ́hun yọ Mùsá lọ́wọ́ Firiáónà ni. Òun náà ní àwọn sún mọ́ Mùsá jù wọ́n lọ, ó sì gba ààwẹ̀ náà. Ṣùgbọ́n kò sí ẹni tó ń se oúnjẹ ọdún yìí nílé wa. Bí ẹ bá dárúkọ Ìrékọjá ní Ọjà Tìmì lónìí, àìsùn alẹ́ ọjọ́ 31 oṣù Kejìlá ni ọ̀pọ̀ yóò rò pé ẹ ń sọ, èyí tí a fi ń ré ọdún kan kọjá bọ́ sí òmíràn. Ní Nàìjíríà, àwọn Ìgbò kan tó gba ẹ̀sìn Júù ń ṣe é bó ṣe yẹ. Wọ́n ní sínágọ́gù kan l'Ábùjá tó ń jẹ́ Gihon. Èmi ò bá wọn débẹ̀ rí. Lọ́ńdọ̀nù ni èmi ti rí tèmi.

Iṣẹ́ kíà ló gbé mi débẹ̀. Ẹni tó bá ti gbé láàárín ọmọ Yorùbá ní ìlú yẹn mọ iṣẹ́ náà: kí a wẹ̀ fún arúgbó, kí a fún un lóògùn lásìkò, kí a kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀ kí ọ̀gá lè rí i kà. Peckham ni mo ń gbé. Golders Green ni màmá tí mo ń tọ́jú ń gbé, ní apá àríwá ìlú, níbi tí àwọn Júù pọ̀ sí. Ọmọ Austria ni. Ó wà lára àwọn ọmọdé bí ẹgbẹ̀rún mẹ́wàá tí wọ́n kó sá kúrò lọ́wọ́ Hitler wá sí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì láàárín 1938 sí 1939. Àwọn òbí rẹ̀ ló mú un dé ibùdókọ̀ rélùwéè, wọn kò sì bá a wọ ọkọ̀. Kì í sọ̀rọ̀ nípa ìyẹn. Èmi ń pè é ní Màmá, nítorí pé n kò lè pe ẹni tó ju ìyá mi lọ lórúkọ, ohun yòówù kí àwọn òyìnbó máa ṣe.

Ọdún náà kù bí ọ̀sẹ̀ méjì nígbà tí ọmọ rẹ̀ obìnrin dé pẹ̀lú àpò ìdọ̀tí dúdú ńláńlá. Ó ní ohunkóhun tó bá ní wíwú nínú, ohun tí wọ́n ń pè ní chametz, kò gbọdọ̀ ṣẹ́kù sílé. Mo rò pé búrẹ́dì ló ń sọ. Búrẹ́dì lọ lóòótọ́, ṣùgbọ́n bisikíìtì lọ, kéèkì lọ, makaróní lọ, bíà lọ. Àlìkámà, ọkà báálì àti àwọn ìbátan wọn mẹ́ta ni òfin náà dìídì bá wí: bí ìyẹ̀fun wọn bá fara kan omi tó sì lé ní ìṣẹ́jú 18 kó tó wọ iná, ó ti bàjẹ́ fún ọdún. Àwọn Júù tí ìran wọn ti Yúróòpù wá sì tún fi ìrẹsì, ẹ̀wà àti àgbàdo kún un. Àwọn tó ti Ìráàkì wá ń jẹ ìrẹsì tiwọn láìwẹ̀yìn. Mo dúró nílé ìdáná yẹn, mo ń ṣírò. Ẹ̀kọ kò ṣeé jẹ. Àkàrà àti mọ́ín-mọ́ín kò ṣeé jẹ. Ọ̀fadà kò ṣeé jẹ. Iyán nìkan ló yè, òun àti gàrí. (Ọlọ́run Mósè fẹ́ràn ará Èkìtì, bí kò bá sí nǹkan mìíràn.)

A fa fíríìjì kúrò lára ògiri, a gbá ẹ̀yìn rẹ̀. A da ẹ̀rún búrẹ́dì inú tósítà dànù, a sì gbé tósítà fúnra rẹ̀ pamọ́. A fi fóìlì bo orí kọ́ńtà. Àwo ọdún, ìkòkò ọdún àti ṣíbí ọdún sọ̀ kalẹ̀ láti òkè àjà, nítorí pé èyí tí wọ́n ń lò lójoojúmọ́ kò gbọdọ̀ dé orí tábìlì. Wisikí tí bàbá ilé tó ti dolóògbé fi sílẹ̀ ni wọn kò dà nù. Wọ́n tì í mọ́ inú kọ́bọ́ọ̀dù, wọ́n fi téèpù lẹ ilẹ̀kùn rẹ̀, wọ́n sì tà á. Mo ní ta ni wọ́n tà á fún? Wọ́n ní rábì ló ń bá gbogbo ìjọ ta irú ẹrù bẹ́ẹ̀ fún ẹnìkan tí kì í ṣe Júù, pẹ̀lú ìwé àdéhùn àti owó àsansílẹ̀, tí yóò sì rà á padà fún wọn bí ọdún bá parí. Ẹrù náà kò kúrò lójú kan. Bàbá mi tó ń ṣòwò aṣọ rẹ́rìn-ín nígbà tí mo sọ fún un lórí fóònù, ó ní òun mọ irú kátà-kárà bẹ́ẹ̀, ti àwọn Júù kàn ní ìwé nínú ni.

Ní alẹ́ tó ṣáájú ọdún, wọ́n pa iná, wọ́n tan àbẹ́là, wọ́n mú ìyẹ́ ẹyẹ kan àti ṣíbí onígi, wọ́n sì ń wá ẹ̀rún tó bá kù ní kọ̀rọ̀ kọ̀rọ̀. Kí wíwá náà má bàa já sí òfo, wọ́n ti fi ègé búrẹ́dì mẹ́wàá pamọ́ síbi tí wọ́n mọ̀. Màmá jókòó sórí kẹ̀kẹ́ rẹ̀, ó ń na ìka: "Ẹ wo abẹ́ rédíò." Ó mọ ègé kọ̀ọ̀kan níye, kò sì sinmi títí ó fi pé mẹ́wàá. Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, wọ́n sun ún ní ẹ̀yìnkùlé. Láti ọjọ́ náà lọ, ibùdókọ̀ bọ́ọ̀sì ni mo ti ń jẹ búrẹ́dì àti ẹyin tèmi kí n tó wọlé, tí n óò sì gbọn aṣọ mi dáadáa.

Gbogbo wàhálà yìí nítorí ìyára ni. Nígbà tí Fáráò ní kí wọ́n máa lọ, kò sí àyè kí ìyẹ̀fun tí wọ́n pò wú. Wọ́n sun ún bẹ́ẹ̀, wọ́n sì gba ọ̀nà aginjù lọ. Matzah, àkàrà aláìwú yẹn, rí pẹlẹbẹ, ó gbẹ, ó ní ojú ihò wẹ́wẹ́, ó sì dà bí páálí lẹ́nu. N kò tíì rí Júù kan tó sọ fún mi pé ó dùn. Ọjọ́ mẹ́jọ ni wọ́n fi ń jẹ ẹ́ lẹ́yìn odi Ísírẹ́lì, ọjọ́ méje ní ilẹ̀ Ísírẹ́lì.

Ọdún 2022 ni wọ́n ní kí n jókòó bá wọn jẹun. Òṣùpá ni àwọn Júù fi ń ka oṣù, ṣùgbọ́n òfin wọn kò gbà kí Ìrékọjá kúrò ní àkókò tí igi ń rúwé lẹ́yìn òtútù. Nítorí náà wọ́n máa ń fi odidi oṣù kan kún ọdún, ẹ̀ẹ̀méje láàárín ọdún 19. Rámádánì ní tirẹ̀ kì í dúró síbì kan; ó ń rìn yí gbogbo ọdún ká, lọ́dún yẹn ó sì rìn bọ́ sínú oṣù Kẹrin. Báyìí ni ọjọ́ Ẹtì, 15 oṣù Kẹrin, fi di alẹ́ àkọ́kọ́ Ìrékọjá, tó tún jẹ́ Gúùdù Fúráídè, tí ààwẹ̀ sì ti fẹ́rẹ̀ẹ́ dé ìdajì. Aago Nàìjíríà àti ti Lọ́ńdọ̀nù kì í yàtọ̀ lásìkò yẹn, oòrùn tiwa ló kàn ń tètè wọ̀. Mo pe ilé láti ẹnu ọ̀nà, torí pé bí Sábáàtì bá ti wọlé, fóònù kò gbọdọ̀ dún nínú ilé Màmá. Ìyá mi ti dé láti ṣọ́ọ̀ṣì, ó wọ dúdú. Bàbá mi ń ṣínu lọ́wọ́, ẹ̀kọ àti àkàrà. Ó ní kí n bá òun kí àwọn èèyàn Mùsá.

Mo mọ̀ pé wọ́n á jẹun. N kò mọ̀ pé oúnjẹ náà ni ìwàásù. Àwo ńlá kan wà láàárín tábìlì. Egungun sísun kan wà nínú rẹ̀ dípò ọ̀dọ́ àgùntàn, ẹyin kan wà níbẹ̀, ewé parsley wà níbẹ̀ tí wọ́n ń kì bọ inú omi iyọ̀, torí pé omijé ni omi iyọ̀ náà. Ápù tí wọ́n gé wẹ́wẹ́, tí wọ́n fi ẹ̀pà òyìnbó àti wáìnì pò, dúró fún amọ̀ tí wọ́n fi mọ bíríkì fún Fáráò. Ó dùn, n kò sì mọ ìdí tí amọ̀ ìyà fi ní láti dùn tó bẹ́ẹ̀. Ewébẹ̀ kíkorò wọn kì í ṣe ewé rárá, gbòǹgbò kan tí wọ́n ń pè ní horseradish ni, wọ́n sì rin ín ní tútù. Àwa náà ní ewúro, ṣùgbọ́n a máa ń fi iyọ̀ fọ̀ ọ́, a ó fún un, a ó da omi rẹ̀ nù, a ó tún fọ̀ ọ́, títí kíkorò rẹ̀ yóò fi ku díẹ̀ lẹ́nu. Tiwọn kò rí bẹ́ẹ̀. Ẹ̀kúnrẹ́rẹ́ ṣíbí ni, kò sí ìfọ̀, kò sí àbùlà. Ọkọ ọmọ Màmá gbé e sẹ́nu, ojú rẹ̀ pọ́n, omi dà lójú rẹ̀, gbogbo tábìlì sì ń rẹ́rìn-ín. Bí omi kò bá dà lójú, wọ́n á ní kò tó.

Ife wáìnì mẹ́rin ni ẹnì kọ̀ọ̀kan gbọ́dọ̀ mu, kí ó sì fara ti apá òsì bó ṣe ń mu ún, torí pé bẹ́ẹ̀ ni àwọn tó wà lómìnira láyé àtijọ́ ṣe ń rọ̀gbọ̀kú jẹun. Ẹrú ló ń nàró jẹ. A to tìmùtìmù sẹ́gbẹ̀ẹ́ Màmá, mo sì di ejìká rẹ̀ mú kó má bàa ṣubú sínú òmìnira rẹ̀.

Ẹni tó kéré jù nídìí tábìlì ló ń bẹ̀rẹ̀. Ọmọ ọmọ rẹ̀ kan ni, kò tíì ju ọmọ ọdún mẹ́fà lọ. Ó dìde, ó béèrè ìdí tí alẹ́ yìí fi yàtọ̀ sí gbogbo alẹ́ yòókù. Bí ọmọdé kò bá béèrè, ọdún kò tíì bẹ̀rẹ̀. Bí kò bá sí ọmọdé nílé, ìyàwó á bi ọkọ. Ẹni tó bá dá wà á bi ara rẹ̀ léèrè. Wọ́n tún fi ìlàjì matzah kan pamọ́ kí àwọn ọmọ lè máa wá a, kí oorun má baà gbé wọn lọ, ẹni tó bá rí i á gba ẹ̀bùn. Nílé tí èmi dàgbà sí, bí àgbà bá ń jẹun tí ọmọdé ń béèrè ọ̀rọ̀, wọ́n á ní kó fẹnu jẹun.

Èsì tí wọ́n fún ọmọ náà ni kò tíì kúrò lọ́kàn mi. Àwọn àgbà wọn fi òfin sílẹ̀ láti nǹkan bí ẹgbẹ̀rún méjì ọdún sẹ́yìn o dín díẹ̀, pé láti ibi ìtìjú ni kí bàbá ti bẹ̀rẹ̀ ìtàn náà, kó wá parí rẹ̀ síbi ìyìn. Nítorí náà, ohun àkọ́kọ́ tí wọ́n sọ fún ọmọ ọdún mẹ́fà, nídìí aṣọ tábìlì funfun àti fìtílà fàdákà, ni pé ẹrú ni wọ́n. Wọn kò sọ pé ẹrú ni àwọn baba ńlá. Àwọn fúnra wọn ni, torí òfin náà tún ní kí olúkúlùkù ka ara rẹ̀ sí ẹni tó ti Íjíbítì jáde. Dókítà wà níbẹ̀, lọ́yà wà níbẹ̀, ẹni tó ní ilé mẹ́ta tó fi ń gba owó ilé wà níbẹ̀. Gbogbo wọn fi ẹnu ara wọn sọ ọ́, wọ́n sì gbé ife.

Ẹ fi ọ̀rọ̀ yẹn sí ẹnu Yorùbá. Kò sí èébú tó ń yára fa aṣọ ya bí "ọmọ ẹrú." Oríkì wa kì í purọ́ púpọ̀, mo mọ̀, oríkì á sọ pé baba ńlá ẹnìkan jẹ gbèsè, pé ó sá lógun, pé ojú rẹ̀ kò wu èèyàn, ẹni tí wọ́n ń kì á sì máa jó. Ṣùgbọ́n ta lẹ ti gbọ́ tí wọ́n kì ní ọmọ ẹni tí wọ́n rà lọ́jà? Ọmọ ọba ni gbogbo wa, ọmọ ológun, ọmọ ọlọ́fà iná. Bí a bá ka àwọn ọba tí a ń sọ pé wọ́n bí wa, àyè ààfin kò lè gbà wá.

Nígbà tí wọ́n ń kó àwo, ọmọ náà yíjú sí mi. Ó ní èmi ńkọ́, ṣé wọ́n mú àwọn èèyàn tèmi náà lẹ́rú rí? Ìyá rẹ̀ fẹ́ pa á lẹ́nu mọ́. Màmá ní kí wọ́n fi í sílẹ̀, alẹ́ rẹ̀ ni.

Àjàyí Crowther ni mo sọ fún un. Mo ní ọmọkùnrin kan wà ní ìlú Òṣogùn, kò ju bí ọmọ ọdún mẹ́tàlá, tí àwọn akóniẹ́rú ja ìlú wọn ní 1821. Wọ́n já a gbà mọ́ ìyá rẹ̀ lọ́wọ́, wọ́n fi í ṣe pàṣípààrọ̀ ẹṣin, wọ́n tà á, wọ́n tún un tà, títí ó fi dé Èkó tí wọ́n sì tì í sínú ọkọ̀ àwọn Potogí. Ní oṣù Kẹrin 1822, ọkọ̀ ogun àwọn Gẹ̀ẹ́sì tó ń dènà òwò ẹrú gba ọkọ̀ náà, wọ́n sì gbé e lọ sí Sàró. Ó kàwé, ó di àlùfáà ní 1843, ó padà wálé, ó sì rí ìyá rẹ̀ l'Ábẹ́òkúta ní 1846, lẹ́yìn ọdún 25. Òun ló wá ṣáájú àwọn tó túmọ̀ Bíbélì sí èdè wa. Odindi rẹ̀ parí ní 1884. Ẹni tí wọ́n ti fi ẹ̀wọ̀n so mọ́ ọrùn rí ló jókòó tó ń wá ọ̀rọ̀ Yorùbá tí yóò fi sọ bí àwọn ẹrú Fáráò ṣe jáde. Ọmọ náà béèrè bóyá òkun là fún un. Mo ní rárá, ọkọ̀ mìíràn ló wá.

Ìtàn náà dùn mọ́ wọn. Àmọ́ nínú bọ́ọ̀sì òru tí mo wọ̀ padà sí Peckham, ohun tí mo ń rò ni pé ìtàn ẹlòmíràn ni. Ẹni tí ó di bíṣọ́ọ̀bù kò ṣòro láti tọ́ka sí. Àwọn tí kò sí ọkọ̀ tó wá gbà wọ́n ńkọ́, tí wọn kò tilẹ̀ dé etí òkun?

Iṣẹ́ ẹ̀ṣọ́ ni wọ́n fi dá Ẹdẹ sílẹ̀. Aláàfin ló rán Tìmì wá pẹ̀lú ọfà rẹ̀ kí àwọn adigunjalè má bàa máa ja àwọn oníṣòwò lólè lójú ọ̀nà. Bẹ́ẹ̀ ni a kọ́ wa. Ìtàn tó gún régé ni, ọmọ Ẹdẹ kì í sì í sọ ọ́ tì. Ọgọ́rùn-ún ọdún kọkàndínlógún ni a kì í fẹ́ dúró lé lórí. Ọ̀yọ́ Ilé tú, àwọn èèyàn ń sá wá sísàlẹ̀, ogun Ìlọrin dé Òṣogbo kí Ìbàdàn tó lé e padà ní nǹkan bí 1840, Ẹdẹ bọ́ sábẹ́ Ìbàdàn, ogun Kírìjí bẹ̀rẹ̀ ní 1877. Gbogbo ogun wọ̀nyí ló ń mú èèyàn wálé. Wọ́n ta àwọn kan lọ sí etíkun. Wọ́n fi àwọn yòókù sí oko, sí agbo ilé, sí iyàrá ìyàwó. Akínwùmí Ìṣọ̀lá ti fi Ẹfúnṣetán Aníwúrà hàn wá lórí ìtàgé, a sì pàtẹ́wọ́ nígbà tí àwọn ẹrú rẹ̀ kọ̀ fún un. Ṣùgbọ́n a jáde kúrò níbẹ̀ pẹ̀lú èrò pé Ìbàdàn ni ẹrú ti wà, àti pé àwọn ẹrú náà kò bímọ.

Wọ́n bímọ. Àwọn ọmọ náà ni wọ́n máa ń sọ̀rọ̀ wọn wúyẹ́wúyẹ́ bí a bá fẹ́ ṣe ìgbéyàwó tí àgbà kan bá ní kí wọ́n "lọ wádìí ojúlé yẹn dáadáa." Nínú agbo ilé kan tí mo mọ̀ dáadáa, ọ̀rọ̀ ilẹ̀ dé, wọ́n fẹ́ ta oko kan tí ọ̀nà tuntun gbà kọjá. Bàbá kan láti àgbàlá ẹ̀yìn dìde láti sọ ìpín tirẹ̀. Kò sí ẹni tó bú u. Ẹnìkan kàn rẹ́rìn-ín, ó ní kí wọ́n bi bàbá léèrè ọ̀nà tí baba baba rẹ̀ gbà wọ ilé. Bàbá náà jókòó. Ó ti lé lẹ́ni àádọ́rin ọdún, gbogbo ayé rẹ̀ ló fi san owó ẹbí, ó sin òkú wa, ó ṣe ìnáwó wa. Yorùbá tó ní ìbí kò ju ìbí, pé bí a ṣe bí ẹrú la bí ọmọ, òun náà ló jókòó síbẹ̀ tó ń wo ilẹ̀. Wọ́n tún máa ń sọ pé ẹrú ní baba, ọ̀nà ló jìn. Ta ló ń béèrè ọ̀nà ibẹ̀?

Nǹkan mìíràn tún wà tí mo rí ní alẹ́ Ìrékọjá yẹn. Nígbà tí wọ́n dé orí ìyọnu mẹ́wàá tó bá Íjíbítì, wọ́n ń fi ìka yọ wáìnì kúrò nínú ife, ẹ̀kán kan fún ìyọnu kan: ẹ̀jẹ̀, ọ̀pọ̀lọ́, iná orí, títí dé ikú àkọ́bí. Mo béèrè ìdí rẹ̀ lọ́wọ́ Màmá. Ó ní ayọ̀ kò lè kún nígbà tí ẹlòmíràn kú nítorí rẹ̀, kódà bó jẹ́ ọ̀tá. Àwọn rábì ìgbàanì tilẹ̀ sọ pé nígbà tí àwọn ará Íjíbítì ń rì, àwọn áńgẹ́lì fẹ́ kọrin, Ọlọ́run sì bá wọn wí, pé iṣẹ́ ọwọ́ òun ló ń kú sínú omi, wọ́n wá fẹ́ kọrin.

Mo rántí òkè àdúrà wa. Kò sí ìtàn tí a fi ń gbàdúrà tó ti Òkun Pupa, ṣùgbọ́n gbogbo wa pátá ni Ísírẹ́lì. Fáráò ni ìyá ọkọ, Fáráò ni aládùúgbò tí àkùkọ rẹ̀ ń kọ lóru, Fáráò ni arákùnrin tí kò jẹ́ kí wọ́n ta ilẹ̀. A ó na ọwọ́ sókè, a ó ní kí ó rì. Kò sẹ́ni tó ń yọ ohunkóhun kúrò nínú ife. Nínú gbogbo ọdún tí mo ti ń gbọ́ irú àdúrà bẹ́ẹ̀, n kò tíì gbọ́ kí ẹnìkan béèrè bóyá nínú ilé tirẹ̀ ni wọ́n ti ń mọ bíríkì.

Bí mo bá ń sọ èyí ní Ẹdẹ, wọ́n máa ń bi mí nípa ogun Gasa, pàápàá ní apá ọ̀dọ̀ bàbá mi. Ìbéèrè tó tọ́ ni. Ní Ìrékọjá 2024, ọ̀pọ̀ ilé àwọn Júù ló fi àga kan sílẹ̀ lófìfo nítorí àwọn tí Hamas kó nígbèkùn, àwọn Júù mìíràn sì ń sọ nídìí tábìlì kan náà pé àwọn òkú Gasa náà ní ẹ̀kán tiwọn nínú ife. Wọ́n bá ara wọn jà lé e lórí. Màmá ti kú nígbà náà, n kò lè sọ ibi tí ì bá dúró sí.

Èmi ti padà wálé. Lóṣù Keje 2025, ọjọ́ Àṣúrà, mo gbé ọbẹ̀ lọ sọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n bàbá mi obìnrin ní Òkè Gada, torí mo mọ̀ pé ó ń gbààwẹ̀. Àgbà gidi ni, etí rẹ̀ ṣì já geere. Lẹ́yìn tó ti fi dàbínù ṣínu, mo bi í léèrè ìdí tó fi ń gba ààwẹ̀ náà, bí ẹni pé n kò mọ̀. Ó sọ ti Ànábì Mùsá fún mi láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ó ń fi ọwọ́ ṣe òkun.

Mo ní, "Àwa ńkọ́, Màmá? Ṣé ẹrú wà nílé wa rí?"

Ó wò mí. Ó ní, "Ta ló rán ọ?"

Mo ní kò sẹ́ni tó rán mi.

Ó kọ́kọ́ jẹun tán. Lẹ́yìn náà ló ní òun rò pé òun máa gbé e lọ ni, torí ìyá òun ní kí òun má sọ ọ́. Ó ní obìnrin kan wà tí wọ́n mú wá láti ọ̀nà Ìjẹ̀ṣà, ọmọdé ni nígbà tí wọ́n mú un, kò sì sí ẹni tó mọ orúkọ tí wọ́n sọ ọ́ nílé wọn. Orúkọ tí wọ́n fún un nílé wa ni wọ́n fi pè é títí ó fi kú. Ó máa ń rẹ aṣọ, aró rẹ̀ kì í ṣí. Bí ó bá di ìrọ̀lẹ́ ó máa ń sọ èdè kan fún ara rẹ̀ tí àwọn ọmọ fi ń ṣe yẹ̀yẹ́.

Mo ní àwọn ará àgbàlá ẹ̀yìn ló bí nìyẹn.

Ó mi ọwọ́. Ó ní, "Àwọn kọ́. Baba ńlá wa ló fi ṣaya. Ẹ̀yin ló bí." Ó ní àwọn ará àgbàlá ẹ̀yìn, ìbátan ìyàwó kan ni wọ́n, wọ́n bá ogun sá wá, wọn kò sì ní ẹni tí yóò bá wọn sọ̀rọ̀ nígbà tí ọ̀rọ̀ yí padà sí wọn lára.

Ojúlé tiwa ni ẹni tó rẹ́rìn-ín níjọ́ ìpàdé ilẹ̀ ti wá.

Mo ti sọ fún àwọn àbúrò mi pé bí ọ̀rọ̀ oko yẹn bá tún dé, n óò sọ ohun tí ẹ̀gbọ́n bàbá mi sọ lójú gbogbo ẹbí, n óò sì ní kí bàbá àgbàlá ẹ̀yìn jókòó síwájú. Èyí tó tẹ̀lé mi ọkùnrin bínú. Ó ní kí n má kó ìtìjú bá ilé, pé ìtàn kì í pín ilẹ̀. Ìtàn náà kúkú ni wọ́n fi pín in lákọ̀ọ́kọ́. Ìdajì rẹ̀ ni wọ́n sọ.